Ilé Tí A Fi Dógò: Ẹ Jẹ́ Kí A Ṣírò Rẹ̀ Dé Òpin

   

Ní ọjọ́ Jímọ̀ kan, lẹ́yìn tí a ti kírun tán, ọ̀dọ́kùnrin kan nínú àwọn tí ó kéwú lọ́dọ̀ mi dúró dè mí lẹ́bàá ibi tí a ti ń ṣe àlùwàlá. Òṣìṣẹ́ ìjọba ni ní Ìlaró. Kò tíì pé ọdún mẹ́ta tí mo so yìgì rẹ̀. Ó mú ìwé kan jáde nínú àpò, ó ní, "Àfáà, ẹ jọ̀wọ́, ẹ bá mi ṣe àdúà sí i. Báńkì fẹ́ yá mi lówó tí n ó fi ra ilé. Ó ti sú mi láti máa san owó ilé fún onílé tí ń fi kún un lọ́dọọdún."

Mo gba ìwé náà, mo kà á láti òkè dé ìsàlẹ̀. Mo bi í pé, "Èló ni ilé yìí?" Ó sọ ọ́ fún mi. Mo tún bi í pé, "Èló ni ìwọ yóò san?" Ó sọ iye tí wọn yóò máa yọ nínú owó oṣù rẹ̀. Mo ní, "Kì í ṣe ti oṣù ni mò ń bèèrè. Ní ọjọ́ tí ilé náà bá di tìrẹ pátápátá, èló ni ìwọ yóò ti san?" Ọmọ náà dákẹ́. Kì í ṣe pé kò kàwé. Ó gboyè ní yunifásítì. Ẹnikẹ́ni kò sọ ọ́ fún un ni, òun náà kò sì bèèrè.

N kò ṣe àdúà sí ìwé náà lọ́jọ́ náà. Mo ní kí ó jókòó, kí a mú bírò àti ìwé, kí a jọ ṣe ìṣirò. Ohun tí a rí nínú ìṣirò náà ni mo fẹ́ gbé ka iwájú yín lónìí, nítorí mo mọ̀ pé ọmọ náà kò dá wà. Ọ̀pọ̀ nínú yín ni ó ní irú ìwé bẹ́ẹ̀ nínú àpò, tàbí tí ó ń wá a kiri. Kókó ọ̀rọ̀ mi kò pọ̀: iye owó ilé tí a fi owó èlé rà kì í ṣe iye tí onílé dá lé e, kì í sì í ṣe iye tí a ń san lóṣù. Àpapọ̀ ohun tí yóò gbà lọ́wọ́ wa ni, láti ọjọ́ tí a fọwọ́ sí ìwé títí di ọjọ́ tí a gba ìwé ilé padà. Ẹni tí kò bá ṣírò dé òpin kò tíì mọ ohun tí ó rà.

ÌWỌ̀FÀ ÀNÁ ÀTI ÌWỌ̀FÀ ÒNÍ

Àwọn baba wa mọ ọ̀rọ̀ yìí kí báńkì tó dé ilẹ̀ wa. Ẹni tí ìnáwó òkú tàbí ẹjọ́ bá dé bá, tí kò sì ní owó lọ́wọ́, a máa tọ olówó lọ. Olówó yóò yá a, yóò sì gba ìwọ̀fà: onígbèsè fúnra rẹ̀, tàbí ọmọ rẹ̀, tàbí àbúrò rẹ̀. Ìwọ̀fà yóò máa ṣiṣẹ́ ní oko olówó ní àkókò tí wọ́n jọ fi àdéhùn sí. Ṣùgbọ́n iṣẹ́ tí ó ń ṣe kò dín gbèsè kù rárá. Iṣẹ́ náà ni èlé. Ojú owó dúró gbọin-gbọin ní ibi tí ó wà. Bí ó bá sin olówó fún ọdún mẹ́wàá, iye tí wọ́n yá ní ọjọ́ kìíní náà ni wọn yóò kà sílẹ̀ kí ó tó gba òmìnira. Àlùfáà Samuel Johnson ṣe àlàyé àṣà yìí nínú ìwé ìtàn Yorùbá rẹ̀ tí a tẹ̀ jáde ní 1921.

Nígbà tí òfin ìjọba àwọn Gẹ̀ẹ́sì bẹ̀rẹ̀ sí í dí ọ̀nà ìwọ̀fà, oko kòkó ni ọ̀pọ̀ ènìyàn wá ń fi dógò nílẹ̀ Yorùbá. Ayánilówó yóò máa ká kòkó náà lọ́dọọdún, yóò máa tà á, yóò sì máa fi owó rẹ̀ sí àpò ara rẹ̀. Síbẹ̀ gbogbo èso tí ó ti ká kò dín ojú owó kù. Ẹni tí ó gbin igi ń wò ó lókèèrè. Àwọn ọmọ ẹlòmíràn dàgbà tán, baba wọn sì kú, kí wọ́n tó rí owó gba oko padà.

Ẹ fi èyí sí ọkàn, ẹ̀yin ará mi, nítorí ohun tí ìwé ọmọ náà ń sọ kò jìnnà sí i. Aṣọ ni wọ́n pààrọ̀ fún un.

ÌṢIRÒ NÁÀ RÈÉ

Ẹ jẹ́ kí a mú ₦10,000,000 gẹ́gẹ́ bí àpẹẹrẹ, nítorí pé ó rọrùn láti ṣírò. Ẹni tí ó bá fẹ́ yá ìlọ́po méjì rẹ̀, kí ó sọ gbogbo iye tí mo bá dá di ìlọ́po méjì. Kí èlé jẹ́ 20 nínú 100 lọ́dún, kí sísan rẹ̀ sì jẹ́ ọdún 20. Irú èlé bẹ́ẹ̀ kì í ṣe àjèjì ní àwọn báńkì wa. Èlé tí Báńkì Àpapọ̀ Nàìjíríà fúnra rẹ̀ fi ṣe òdiwọ̀n tó 27.5 nínú 100 ní oṣù kọkànlá ọdún 2024.

Lórí àdéhùn yìí, onígbèsè yóò máa san nǹkan bí ₦169,882 lóṣooṣù. Ní oṣù àkọ́kọ́, nínú owó yìí, ₦166,667 ni èlé. Ohun tí ó dín ojú owó kù kò ju ₦3,215 lọ. Ẹ tún un kà: nínú owó tí ó sún mọ́ ọ̀kẹ́ mẹ́sàn-án náírà, ẹgbẹ̀rún mẹ́ta àti díẹ̀ péré ni ó bọ́ sórí ilé. Ìyókù dà bí iṣẹ́ ìwọ̀fà ní oko olówó.

Ní òpin ọdún karùn-ún, onígbèsè yóò ti san nǹkan bí ₦10,190,000. Ó ti san ju gbogbo owó tí ó yá lọ. Èló ni ó kù tí ó jẹ? Nǹkan bí ₦9,670,000. Ní òpin ọdún kẹwàá, tí ọmọ tí wọ́n bí nínú ilé náà ti ń lọ sí ilé-ìwé, yóò ti san ju ₦20,380,000 lọ, gbèsè tí ó kù lọ́rùn rẹ̀ yóò sì jẹ́ nǹkan bí ₦8,790,000. Bí ó bá san án dé òpin láìyẹsẹ̀ ní oṣù kan ṣoṣo, àpapọ̀ rẹ̀ yóò lé ní ₦40,770,000. Ilé kan ni ó gbé. Owó ilé mẹ́rin ni ó san.

Nígbà tí a dé ibí yìí nínú ìṣirò, ọmọ náà gba bírò lọ́wọ́ mi, ó ní òun fẹ́ tún un ṣe fúnra òun. Ó ṣe é ní ẹ̀ẹ̀mejì. Iye kan náà ni ó bá.

Ẹlòmíràn yóò wí pé, "Àfáà, ẹ ti lọ mú èyí tí ó burú jù. Ti ìjọba ń kọ́?" Ó dára, ẹ jẹ́ kí a wo ti ìjọba. Ní 1956 ni wọ́n dá ilé-iṣẹ́ tí ń yáni lówó ilé kíkọ́ sílẹ̀ ní Nàìjíríà; ní 1977 ó di Federal Mortgage Bank of Nigeria. Ní 1992 ni òfin dá àpò owó ilé gbígbé ti orílẹ̀-èdè sílẹ̀, èyí tí a ń pè ní NHF, tí wọ́n fi ń yọ 2.5 nínú 100 nínú owó oṣù òṣìṣẹ́. Èlé tí a mọ àpò náà mọ́ jẹ́ 6 nínú 100, àkókò sísan rẹ̀ sì lè tó ọdún 30. Òótọ́ ni pé ó rọjú ju ti ọjà lọ fíìfíì. Ẹ wá jẹ́ kí a ṣírò rẹ̀. Lórí ₦10,000,000, sísan oṣooṣù jẹ́ nǹkan bí ₦59,955. ₦50,000 nínú rẹ̀ ni èlé ní oṣù àkọ́kọ́. Lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, onígbèsè ti san nǹkan bí ₦7,190,000, gbèsè sì ṣì kù nǹkan bí ₦8,370,000. Ní òpin ọdún 30, àpapọ̀ ohun tí ó san jẹ́ nǹkan bí ₦21,580,000, èyí tí ó ju ìlọ́po méjì ohun tí ó yá lọ. Bẹ́ẹ̀ sì ni owó oṣù tí ó kéré jù lọ tí òfin fi lélẹ̀ ní 2024 jẹ́ ₦70,000. Ẹni tí ń gba irú owó bẹ́ẹ̀, ta ni yóò bọ́ ọmọ rẹ̀ bí a bá ti yọ ₦59,955 kúrò?

OHUN TÍ KÒ SÍ NÍNÚ ÌWÉ

Iye tí mo ṣírò yìí, ìwé ni ó sọ ọ́. Ṣùgbọ́n nǹkan mẹ́ta wà tí ìṣirò oríi ìwé kì í kà.

Èkínní ni owó ẹ̀gbẹ́. Owó agbẹjọ́rò wà níbẹ̀, owó ẹni tí yóò wá díye lé ilé, owó ìforúkọsílẹ̀ lọ́dọ̀ ìjọba, àti owó adójútòfò. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ni a óò san kí a tó rí kọ́kọ́rọ́ ilé.

Èkejì ni pé èlé kì í dúró sí ojú kan. Ẹ wo ìwé yín dáadáa, ẹ ó rí ibi tí báńkì ti fi àyè sílẹ̀ fún ara rẹ̀ láti yí èlé padà bí ọjà bá yí. Ní ìbẹ̀rẹ̀ 2022, òdiwọ̀n Báńkì Àpapọ̀ wa jẹ́ 11.5 nínú 100. Kí 2024 tó parí, ó ti ju ìlọ́po méjì lọ. Kì í sì í ṣe ilẹ̀ wa nìkan ni èyí ti ń ṣẹlẹ̀. Ọ̀pọ̀ nínú wa ní ọmọ tàbí àbúrò ní Lọ́ńdọ̀nù tí ó fi gbèsè ra ilé. Títí di àárín oṣù kejìlá ọdún 2021, òdiwọ̀n èlé Báńkì Ìjọba Gẹ̀ẹ́sì kò ju 0.1 nínú 100 lọ. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2023, ó ti di 5.25. Àwọn tí àdéhùn ọdún méjì tàbí ọdún márùn-ún wọn parí ní àkókò náà bá a pé ohun tí wọn yóò máa san lóṣù ti fò sókè, ilé náà kò sì fi yàrá kan tóbi sí i.

Ẹ̀kẹta ni ayé fúnra rẹ̀. Ẹni tí ó fọwọ́ sí ìwé ọdún 20 ń wí pé òun mọ̀ pé iṣẹ́ òun, ìlera òun àti ọjà òun yóò dúró fún ọdún 20. Àwa tí a ń gbé ní etí ààlà yìí, ó yẹ kí a mọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ní oṣù kẹjọ ọdún 2019, ìjọba ti ẹnubodè pa. Ti Ìdí-Ìrókò kò ṣí padà fún ọjà títí di oṣù kẹrin ọdún 2022. Oṣù 32 ni. Ẹni tí ó ń kó ọjà gba Ìdí-Ìrókò kọjá, tí ń jẹ ẹ̀tọ́ rẹ̀, tí kò ṣẹ ẹnikẹ́ni, jí ní òwúrọ̀ ọjọ́ kan, ó bá ọ̀nà ní dídí. Bí ó bá jẹ́ pé ilé tí ó kọ́ díẹ̀díẹ̀ ni ó ń gbé, ebi lè pa á, ṣùgbọ́n òrùlé wà lórí rẹ̀. Bí ó bá jẹ́ pé ilé tí ó fi dógò ni, báńkì kò ní bá a dúró de ẹnubodè. Èlé kì í sinmi ní ọjọ́ Jímọ̀, kì í sì í sinmi ní ọjọ́ Àìkú. Ní Amẹ́ríkà, ní 2007 àti 2008 àti ọdún mélòó kan tí ó tẹ̀ lé e, àràádọ́ta ọ̀kẹ́ ènìyàn ni ó pàdánù ilé lọ́nà yìí, ní orílẹ̀-èdè tí ó lọ́rọ̀ ju tiwa lọ.

ÀWÍJÀRE KAN TÍ Ó YẸ KÍ A DÁHÙN

Àwọn ọ̀dọ́ tí ó mọ ètò ọrọ̀-ajé a máa bi mí pé: "Àfáà, ṣé ẹ kò rí i pé náírà ń wálẹ̀ ni? Owó tí mo yá lónìí ní agbára. Èyí tí n ó san lẹ́yìn ọdún mẹ́wàá, bébà lásán ni." Ọ̀rọ̀ yìí ní òótọ́ nínú, n kò sì ní fi ọwọ́ rọ́ ọ sẹ́yìn. Ẹni tí ó yá owó pẹ̀lú èlé kékeré tí kò yí padà kí náírà tó já wálẹ̀ ní 2023 ti rí èrè ayé nínú rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ìdáhùn mi. Báńkì náà mọ̀ pé náírà ń wálẹ̀. Ìdí nìyẹn tí ó fi gbé èlé sókè, tí ó sì fi àyè sílẹ̀ láti tún un gbé. Ọdún àkọ́kọ́ sì ni ẹrù gbèsè wúwo jù, nígbà tí owó oṣù kò tíì pọ̀ sí i. Ẹni tí odò bá gbé lọ ní bèbè kì í rí òdìkejì. Lékè gbogbo rẹ̀, ẹ bi ara yín pé, èrè tí onígbèsè rí yẹn, ọwọ́ ta ni ó ti jáde? Ọwọ́ àwọn tí ó fi owó pamọ́ ni. Òṣìṣẹ́ tí wọ́n ti ń yọ 2.5 nínú owó oṣù rẹ̀ láti ọdún pípẹ́, tí kò rí ilé gbà, tí owó rẹ̀ sì di bébà, òun ni ó san èrè náà. Ohun tí Ọlọ́hun kọ́ wa nínú Súrà Al-Baqarah, āyah 279, ni pé kí a má ṣe àbòsí, kí ẹnikẹ́ni má sì ṣe àbòsí sí wa. Ilé tí ó bá jẹ́ pé bí olówó kò bá rẹ́ mi jẹ, èmi ni yóò rẹ́ ẹlòmíràn jẹ, irú ilé wo ni?

OHUN TÍ ṢÈRÍÀ WÍ

Ẹ má ṣe rò pé Islām kórìíra gbèsè tàbí dógò. Āyah tí ó gùn jù lọ nínú Al-Qur'ān Alápọ̀nlé, Súrà kejì, āyah 282, ọ̀rọ̀ gbèsè ni ó dá lé: kí a kọ ọ́ sílẹ̀, kí a dá ọjọ́ sí i, kí a pe ẹlẹ́rìí. Āyah tí ó tẹ̀ lé e sì fi àyè gba dógò. Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun (S.A.W.) fúnra rẹ̀ fi ẹ̀wù irin ogun rẹ̀ dógò lọ́dọ̀ Júù kan nítorí ọkà báálì. Ohun tí a kọ̀ fún wa ni kí owó máa bí owó ní ọrùn ẹni tí ó wà nínú àìní. Àwọn onímọ̀ sì kọ́ wa pé yíyá tí ó bá ń mú èrè wá fún ayánilówó, inú ribà ni ó wà. Nítorí náà, oko kòkó tí olówó ń ká àti ìwé báńkì tí a ṣírò lókè yìí, ọmọ ìyá ni wọ́n. Èlé 6 kì í di ẹ̀tọ́ nítorí pé ó kéré sí 20.

Ọ̀rọ̀ ilé yìí sì ti dé iwájú àwọn onímọ̀ ayé. Ní 1990, ní Jeddah, ìgbìmọ̀ àwọn onímọ̀ Fíkì tí ó wà lábẹ́ àjọ àwọn orílẹ̀-èdè Mùsùlùmí wí pé gbígba owó èlé láti fi ra ilé tàbí kọ́ ilé kò tọ́, wọ́n sì tọ́ka sí àwọn ọ̀nà mìíràn. Ní 1999, ìgbìmọ̀ fatwà ti ilẹ̀ Yúróòpù fi àyè sílẹ̀ fún Mùsùlùmí tí ń gbé níbẹ̀, tí kò ní ilé, tí kò sì rí ọ̀nà mìíràn, láti fi ra ilé kan ṣoṣo tí yóò gbé. Àwọn onímọ̀ mìíràn kò gbà pẹ̀lú wọn. Mo mẹ́nu kan èyí nítorí àwọn ọmọ wa tí ó wà ní òkè òkun, kí ẹnikẹ́ni má baà fi ọ̀rọ̀ kan ṣoṣo sọ wọ́n lókùúta. Ṣùgbọ́n àwa tí a wà nílé, kò yẹ kí a fi fatwà àwọn tí kò rí ọ̀nà bo ara wa, nígbà tí ọ̀nà wà.

Ẹ má sì gbàgbé pé gbèsè tí kò ní èlé pàápàá wúwo. Wọ́n gbé òkú kan wá síwájú Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun (S.A.W.), kò kírun sí i lára nítorí dínárì díẹ̀ tí ó jẹ, títí Abū Qatādah fi wí pé òun yóò san án.

ÀWỌN Ọ̀NÀ TÍ Ó WÀ

Ọ̀nà kìíní ni báńkì tí kò ń gba èlé. Jaiz bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ ní 2012, TAJBank tẹ̀ lé e ní 2019, Lotus ní 2021. Ọ̀nà tí irú báńkì bẹ́ẹ̀ ń gbà ni pé kí ó ra ilé náà fúnra rẹ̀, kí ó fi èrè tí ẹ mọ̀ lé e, kí ó sì tà á fún yín ní iye kan tí kò ní yí padà. Èyí ni murābaḥah. Ó sì lè jẹ́ pé ẹ̀yin àti báńkì yóò jọ ra ilé, tí ẹ̀yin yóò máa ra ìpín tirẹ̀ díẹ̀díẹ̀, tí ẹ ó sì máa san owó ilé lórí ìpín tí ó kù lọ́wọ́ rẹ̀.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí n sọ òtítọ́, nítorí àmánà ni. Orúkọ Lárúbáwá kò sọ ohun tí ó wọ́n di pọ́ọ́kú. Ibẹ̀ náà, ẹ óò san ju iye tí a ta ilé náà lọ, nígbà mìíràn ó lè jù ú lọ púpọ̀. Nítorí náà, ẹ mú bírò lọ síbẹ̀ pẹ̀lú. Ẹ bèèrè ìbéèrè márùn-ún yìí: Èló ni àpapọ̀ rẹ̀ dé òpin? Ṣé ó lè yí padà? Bí mo bá pẹ́ san, ṣé gbèsè yóò bí gbèsè? Ní àkókò tí ilé wà lọ́wọ́ báńkì, bí iná bá jó o, ta ni ó pàdánù? Bí mo bá fẹ́ san án tán ṣáájú ọjọ́, kí ni yóò ṣẹlẹ̀? Òwò tòótọ́ ní ìdáhùn sí wọn: iye kò yí padà, gbèsè kò bímọ, owó ìtanràn kò wọ àpò báńkì bí kò ṣe àpò sàráà, ẹni tí ó ni ilé ni ó ni òfò rẹ̀. Bí ìdáhùn bá rú yín lójú, ẹ dúró.

Ọ̀nà kejì ni ti àwọn baba wa: ilẹ̀ ní ọdún yìí, kànga ní ọdún tí ń bọ̀, ìpìlẹ̀, yàrá méjì, òrùlé. Mo mọ̀ pé kò rọrùn. Sìmẹ́ńtì tí wọ́n ń ṣe ní Ibese níbí lẹ́bàá wa, iye rẹ̀ kì í dúró de òtòṣì. Ó sì lè gba ọdún mẹ́jọ tàbí mẹ́wàá. Ṣùgbọ́n ẹ rántí pé ní ọdún kẹwàá, ẹni tí ó gba owó èlé ṣì jẹ nǹkan bí ₦8,790,000. Ẹni tí ó wà nínú yàrá méjì tí kò rẹ́ dáadáa, tí kò sì jẹ ẹnikẹ́ni, kò pẹ́ jù ú lọ.

ÀṢÌṢE TIWA GẸ́GẸ́ BÍ ÀFÁÀ

Ó kù síbi kan tí mo ní láti dá ara mi lẹ́jọ́. Nígbà tí mo ń kọ́ ilé tèmi, mo ti ń kọ́ ọmọ ní Lárúbáwá nígbà náà, mo yá owó lọ́wọ́ ẹgbẹ́ alájẹṣẹ́kù kan láti fi kan òrùlé. Iye tí wọ́n fi lé e, wọ́n pè é ní owó ìṣàkóso. N kò bèèrè ohun tí wọ́n ń ṣàkóso. Mo mọ āyah ribà ní orí, ṣùgbọ́n òjò ń bọ̀. Mo sì ti lọ sọ́dọ̀ àwọn ará mi ní mọ́sáláṣí ṣáájú. Àdúà ni wọ́n ṣe fún mi.

Ẹ̀yin ará mi, ẹjọ́ wa nìyí. A ń dúró lórí mínbárì, a ń wí pé ribà jẹ́ harāmù, òtítọ́ sì ni. Lẹ́yìn náà ni ọ̀dọ́ kan tí ó ti kọ́ ilé dé lẹ́ńtùrù yóò wá bẹ̀ wá ní owó pákó àti páànù, a ó ní kí ó ṣe sùúrù. Ọ̀sẹ̀ kan náà ni a ó ṣe ìkówójọ fún ilé gogoro kejì tí a ó máa fi pe ìrun, nígbà tí ẹ̀rọ agbóhùnsókè wà lórí ti àkọ́kọ́. Àwọn obìnrin wa ń sá lọ gba owó tí àwọn ará ọjà fúnra wọn ń pè ní gbómú-lé-láńtà, àwa sì ń fi máàbù tẹ́ ilẹ̀ mọ́sáláṣí. Ní ìwàásù Àrafà, nígbà ìdágbére, ribà tí Òjíṣẹ́ Ọlọ́hun (S.A.W.) kọ́kọ́ fagi lé ni ti Al-ʿAbbās, arákùnrin baba rẹ̀. Inú ilé ara rẹ̀ ni ó ti bẹ̀rẹ̀. Ilé tiwa ni ó yẹ kí a ti bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú.

Ohun tí mo ń bẹ ẹgbẹ́ wa fún nìyí: kí ẹ̀ka kọ̀ọ̀kan, láti Ìlaró dé Ayétòrò, dá àpò qarḍ ḥasan sílẹ̀, owó yíyá tí kò ní èlé. Bí 50 ènìyàn bá ń dá ₦5,000 lóṣù, ₦250,000 ni lóṣù, ₦3,000,000 ni lọ́dún. Kò tó ra ilé. Ṣùgbọ́n ó tó kan òrùlé, ó tó san owó ilẹ̀ tí ó kù. Bí ẹni àkọ́kọ́ bá sì ti ń san án padà, owó kan náà yóò ran ẹni kejì lọ́wọ́. Kí a kọ ọ́ sílẹ̀ gẹ́gẹ́ bí āyah 282 ti wí, pẹ̀lú ẹlẹ́rìí. Kí a má fi kọ́bọ̀ lé e, orúkọ yòówù kí a fún kọ́bọ̀ náà. Kí a má yá a fún ayẹyẹ. Ẹni tí ìnira bá dé bá, kí a fún un ní àyè gẹ́gẹ́ bí āyah 280 ti pa á láṣẹ. Ẹni tí ó ní, tí ó kọ̀ tí kò san, kí a má bò ó láṣìírí nítorí pé ó ń jókòó ní sàfù àkọ́kọ́. Ọ̀dọ́ ni kí ó máa kọ ìwé rẹ̀, nítorí ẹ̀yin ni ẹ mọ ìṣirò. Àgbà ni kí ó máa fọwọ́ sí i.

Ọmọ tí mo fi ọ̀rọ̀ rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ mú ìwé rẹ̀ lọ sílé pẹ̀lú ìṣirò wa. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ méjì, òun àti aya rẹ̀ wá kí mi. Wọn kò fọwọ́ sí i. Wọ́n ti san ìdajì owó ilẹ̀ kan sí ẹ̀yìn ìlú. Onílé ṣì ń fi kún owó ilé wọn, n kò sì ní purọ́ pé ó rọrùn fún wọn. Aya rẹ̀ bi mí ní ìbéèrè kan kí wọ́n tó lọ: "Àfáà, ìdajì tí ó kù, ṣé mọ́sáláṣí lè yá wa?" N kò rí ìdáhùn fún un lọ́jọ́ náà. Ìdí tí mo fi kọ ìwé yìí nìyẹn.

Kí Ọlọ́hun fi ẹ̀tọ́ Rẹ̀ rọ̀ wá lọ́rọ̀ kúrò nínú èèwọ̀ Rẹ̀, kí Ó bọ́ ẹrù gbèsè kúrò ní ọrùn wa ṣáájú ọjọ́ ikú wa, kí Ó sì fún wa ní ilé tí ó dára jù ní àlùjánnà. Āmīn. Ọlọ́hun ni Ó mọ̀ jù.